Ohùn Iking ní Ọjọ́ Ẹtì Rere

Ní ọ̀sán Ọjọ́ Ẹtì Rere, Pacita Manlapaz sáré jáde sí òpópó tóóró tó ń gbé ní ìlú Malabon létí òkun, ó kígbe pé kí wọ́n wá gba ọmọ òun tó ń kú lọ, gbogbo àdúgbò gbọ́ igbe náà, wọ́n sì rẹ́rìn-ín.

Wọn kì í ṣe èèyàn burúkú. Bí omi òkun bá wọlé lóṣù tí omi ń kún, àwọn kan náà ló ń pọn arúgbó ara wọn sẹ́yìn kọjá lọ síbi tó gbẹ. Bí ẹnì kan bá kú, wọ́n á bá a ṣọ́ òkú títí wọ́n á fi sin ín. Ohun tó ṣẹlẹ̀ kò ti ọ̀dọ̀ ìkà wá. Ìfẹ́ ló ti wá, ìyẹn ni kò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni rí ẹni tó máa bá jà.

Aling Pacing ni wọ́n ń pe Pacita, bí wọ́n ṣe ń pe obìnrin tó ti dàgbà níbẹ̀. Aáyù ló ń bó jẹun. Ọkùnrin kan á gbé àpò aáyù wá láàárọ̀, á padà wá kó èyí tó ti bó lọ nírọ̀lẹ́. Òórùn rẹ̀ kì í kúrò lára Aling Pacing, ì báà wẹ̀ títí. Ọkọ rẹ̀ ti kú. Ọmọ kan ṣoṣo ló ní, Arlyn, tí ọkọ tirẹ̀, Nestor, ń ṣiṣẹ́ nínú ọkọ̀ òkun lọ́nà jíjìn. Arlyn lóyún. Oyún náà ti wọ oṣù kẹjọ.

Ohun tí àdúgbò kò mọ̀ látọjọ́ yìí ni pé Aling Pacing ni Iking.

Iking jẹ́ ọmọdékùnrin inú kàtúùnù kan tó wá láti Japan. Ọkọ̀ pákó kékeré ló ní, ó ń fi gbé èèyàn láti erékùṣù kan sí òmíràn, òun àti pẹ́pẹ́yẹ rẹ̀, ó sì ń wá bàbá rẹ̀ kiri. Orúkọ Japan ló ní tẹ́lẹ̀, àmọ́ àwọn tó gbé ohùn Tagalog, èdè ilẹ̀ wọn, wọ̀ ọ́ sọ ọ́ ní Iking, ó bá di ọmọ ilé gbogbo èèyàn. Ní ìparí apá kọ̀ọ̀kan, omi á fẹ́ gbé ọkọ̀ náà mì. Iking á dìde dúró sórí rẹ̀, á ké: "Ẹ̀yin ará, mo ṣì wà níbí!" Àwọn ọmọ tó jókòó níwájú tẹlifíṣọ̀n á dá a lóhùn lẹ́ẹ̀kan náà: "Dúró! À ń bọ̀!"

Nígbà náà, ilé Aling Bebang nìkan ló ní tẹlifíṣọ̀n aláwọ̀ ní òpópó yẹn. Àwọn ọmọ á rọ̀ mọ́ irin fèrèsé rẹ̀ bí àdán. Ìgbà tí iná ń lọ lójoojúmọ́ ni. Bí iná bá lọ nígbà tí ọkọ̀ Iking ń rì lọ́wọ́, ẹkún á sọ láti ìbẹ̀rẹ̀ òpópó dé òpin, àwọn ìyá á sì máa bú ilé iṣẹ́ mọ̀nàmọ́ná bí ẹni pé ọmọ wọn gan-an ló wà nínú omi.

Pacita wà lọ́dọ̀ọ́ nígbà náà. Yàrá tí wọ́n ti ń gba ohùn sílẹ̀ kò ní fèrèsé, wọ́n sì máa ń pa ẹ̀rọ amúlétutù nítorí ariwo rẹ̀. Níbẹ̀ ló máa ń dúró tí òógùn á bò ó. Òun ni Iking, òun ni ìyá àgbà Iking, òun náà sì ni pẹ́pẹ́yẹ. Wọn kì í kọ orúkọ ẹnikẹ́ni sí ìparí. Arlyn àti bàbá rẹ̀ nìkan ló mọ̀, torí ohùn Iking ni ìyá rẹ̀ fi ń tàn án tó fi ń jẹ ẹja. Nígbà tó yá, wọ́n ní àwọn fẹ́ ohùn tuntun. Pacita padà sílé, ó gbé ọ̀bẹ, ó ń bó aáyù.

Lọ́dún yìí, àwọn ọmọ tó rọ̀ mọ́ fèrèsé ti di ìyá ọlọ́mọ àti bàbá ọlọ́mọ. Wọ́n ń wa ọkọ̀, wọ́n ń ta ẹja, wọ́n ń jókòó sí ọ́fíìsì, gbogbo wọn sì ń sunkún lórí ẹ̀rọ ayélujára pé kí wọ́n dá Iking padà fún àwọn. Ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n gbọ́. Àmọ́ wọ́n ti gba ìròyìn sórí àwọn fọ́nrán àtijọ́. Ìwọ̀nba apá díẹ̀ ló kù. Wọ́n ní àwọn á fi ìyẹn hàn nínú Ọ̀sẹ̀ Mímọ́ láti fi ta àwọn èèyàn lólobó, lẹ́yìn náà àwọn á tún ohùn gbogbo rẹ̀ gbà láti ìbẹ̀rẹ̀. Ọkùnrin kan láti ibẹ̀ wá Pacita títí ó fi bá a nídìí abọ́ aáyù. Ó ya fọ́tò rẹ̀. Kí ilẹ̀ tó ṣú, òpópó ti mọ̀.

Tino ló kọ́kọ́ dé. Òun ló ní kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta tó máa ń gbé wọn lọ sọ́jà.

"Irọ́ ni, Aling Pacing! Ẹ̀yin? Ẹ̀yin tí mò ń gbé lójoojúmọ́, tí aáyù yín ń rùn nínú kẹ̀kẹ́ mi?"

"Èmi náà ni. Ṣé kí n máa rùn bí òdòdó ni?"

"Ẹ sọ ọ́ kí n gbọ́."

"Kí n sọ kí ni?"

"Ẹ mọ̀ ọ́n! Ẹ má fìyà jẹ mí, ẹ sọ ọ́."

Aling Pacing fi ọ̀bẹ lélẹ̀, ó nu ọwọ́ sára aṣọ. Ó la ẹnu, ọmọdékùnrin kan sì jáde láti ibẹ̀. "Ẹ̀yin ará, mo ṣì wà níbí!" Tino, tó máa ń bá ọlọ́pàá ojú pópó wọ̀yá ìjà, fi ọwọ́ bojú, ó bú sẹ́kún.

"Bàbá mi ṣì wà láyé nígbà yẹn," ló wí. "Èjìká rẹ̀ ni mo máa ń gùn wò ó."

Láti ọjọ́ náà ni wọn ò ti jẹ́ kó sinmi. Ìyá tó ń ta ẹja wá. Ìyàwó tuntun wá. Ẹnì kan gbé fóònù wá kí àbúrò rẹ̀ ní Dubai lè gbọ́. Wọ́n á mú búrẹ́dì gbígbóná dání, wọ́n á ní, "Ẹ̀ẹ̀kan péré, Aling Pacing," ta ni ó sì lè fi búrẹ́dì lé èèyàn padà? Ó ń sọ ọ́, wọ́n ń dá a lóhùn, "Dúró! À ń bọ̀!", wọ́n ń rẹ́rìn-ín, wọ́n ń nu ojú. Kí á má parọ́, ó dùn mọ́ ọn. Kò sẹ́ni tó tíì sunkún nítorí aáyù tó bó dáadáa rí.

Ilé iṣẹ́ náà pè é kó wá dán ohùn wò. Inú ọkùnrin tó ń bójú tó iṣẹ́ dùn, ó pè é ní Nanay, ìyá.

"Ohùn yẹn náà ni, Nanay. Ọjọ́ Ajé lẹ́yìn Àjíǹde la máa bẹ̀rẹ̀. Ẹ tọ́jú rẹ̀ o. Mo gbọ́ ibì kan tó ń sán níbẹ̀. Bó bá há, kò sí ohun tí mo lè ṣe. Ọmọbìnrin kan wà tó ń dúró."

Aling Pacing náà ti gbọ́ ibi tó ń sán. Ó dà bí ìgbà tí àwo bá ní ìlà tí kò tíì fọ́.

Kì í ṣe pé ó kàn ń wá iyì. Nọ́ọ̀sì ilé ìlera àdúgbò ti wọn ẹ̀jẹ̀ Arlyn, ó sì ti mi orí. Ẹ̀jẹ̀ náà ń ru. Ó ní kí Arlyn má ronú àtibímọ lọ́dọ̀ àwọn, kó wá ilé ìwòsàn tó ní yàrá iṣẹ́ abẹ, kó sì tètè forúkọ sílẹ̀. Nestor ń fi èyí tó lè fi ránṣẹ́ ránṣẹ́, kò tó. Aáyù kò lè sanwó iṣẹ́ abẹ láéláé. Iking lè san án.

Bí Ọ̀sẹ̀ Mímọ́ ṣe wọlé, Aling Pacing we ìborùn mọ́ ọrùn, ó ń mu omi atalẹ̀, ó sì dákẹ́. Ẹni tó bá mú búrẹ́dì wá, á gba búrẹ́dì náà, á fọwọ́ kan ọ̀fun, á mi orí. Àmọ́ ohun kan wà tí kò ṣe é mi orí sí. Ẹ̀jẹ́ ni.

Nígbà tí Arlyn wà ní kékeré, ibà ẹ̀fọn mú un, ẹ̀jẹ̀ ń dà ní imú rẹ̀, dókítà sì sọ fún ìyá rẹ̀ pé kó pe àlùfáà. Pacita kúnlẹ̀ sórí sìmẹ́ńtì ilé ìwòsàn. Ó ní bí ọmọ òun bá yè, òun á máa kọ orin Ìjìyà Jésù lọ́dọọdún títí òun á fi kú. Ọmọ náà yè. Láti ìgbà náà, bí àtíbàbà bá ti dìde níwájú ilé Aling Bebang láàárọ̀ Ọjọ́bọ̀ Mímọ́, Pacita á wọ aṣọ ẹ̀jẹ́ rẹ̀, aṣọ pupa tó ṣókùnkùn bí ẹ̀dọ̀, á jókòó ti ìwé Ìjìyà, òun àti àwọn obìnrin yòókù á máa gba orin náà lọ́wọ́ ara wọn láìdánu dúró títí di ọ̀sán Ẹtì. Pabasa nìyẹn. Ọ̀fun ni wọ́n fi ń ṣe é. Lọ́jọ́ Àjíǹde, kì í lè kí èèyàn.

Aling Bebang wá bá wọn nílé ní Ọjọ́rú. Arúgbó ni, Lola, ìyá àgbà, ni àwọn ọ̀dọ́ ń pè é, àmọ́ òun náà ló ṣì ń gbá ojú òpópó.

"Pacing, ṣé o máa wá ni àbí o ò wá?"

Arlyn dáhùn fún ìyá rẹ̀. "Wọn ò ní lè wá, Lola Bebang. Ẹ jẹ́ kí wọ́n sinmi lọ́dún yìí. Jésù ò ní bínú."

"Ta ló sọ fún ẹ? Ṣé o ti bi Í? Orí ẹ ni wọ́n fi jẹ́ ẹ̀jẹ́ náà. Ìwọ lo ń rìn kiri tí o ń sọ ìsọkúsọ yẹn."

Aling Pacing wo ikùn Arlyn. Ẹ̀rù ló wà lójú rẹ̀, Aling Bebang sì rí i.

"Èmi ò wá ba tiyín jẹ́," ni arúgbó náà wí, ó sì rẹ ohùn sílẹ̀. "Bí ìyá ò bá lè kọ ọ́, ọmọ lè gbà á. Bí mo ṣe gba ti ìyá mi nìyẹn. Ẹ̀jẹ́ ilé ni, kì í ṣe ti ọ̀fun ẹnì kan."

"Ó parí nìyẹn!" ni Arlyn wí. "Màá kọ ọ́. Ìjókòó náà kọ́ ni? Mo mọ̀ ọ́n jókòó."

"Pẹ̀lú oyún?" Aling Pacing sọ ọ́ wúyẹ́wúyẹ́.

"Nanay, ẹ dákẹ́! Ohùn tó máa bí ọmọ mi lẹ ń ná yẹn."

Àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta rẹ́rìn-ín. Aling Pacing mú aṣọ pupa náà jáde látinú àpótí, ó tú ìránṣọ ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kó lè gba ikùn Arlyn, ó wá rí ògbólógbòó irú rẹ̀ kan nísàlẹ̀ àpótí tí òun náà ṣì lè wọ̀. Aṣọ pupa méjì ló wà nílé. Àwọn méjèèjì wọ̀ ọ́.

Lọ́jọ́bọ̀, oòrùn jó òrùlé páànù àtíbàbà náà. Arlyn jókòó sórí àga ike, ó ń kọrin sínú gbohùngbohùn. Ohùn rẹ̀ kò dùn tó ti ìyá rẹ̀, ó kàn tọ́. Aling Pacing gbé abọ́ aáyù wá sẹ́gbẹ̀ẹ́ ibẹ̀, ó ń bó o, ó ń gbọ́. Bí ọ̀rọ̀ inú orin bá dé ibi tó mọ̀, ètè rẹ̀ á máa mì láìdún.

Nírọ̀lẹ́, ó gbé ojú sókè, ó rí ẹsẹ̀ ọmọ rẹ̀. Ó ti wú. Okùn sálúbàtà ti rì sínú ẹran, ojú Arlyn pàápàá ti kún bí ti ẹni tó sunkún sùn. Arlyn rí i pé ìyá òun ń wo òun. Ó fi ìka kan iwájú orí, ó di ojú: orí ń fọ́ mi.

Aling Pacing dìde. Ọ̀rọ̀ náà ti dé ọ̀fun rẹ̀: Dìde, jẹ́ ká relé. Àmọ́ gbohùngbohùn ń ké lé gbogbo wọn lórí. Kí ẹnikẹ́ni tó lè gbọ́ ọ, ó gbọ́dọ̀ pariwo. Ó sì tún rò ó pé bí Arlyn bá dìde ní àárín orin, ẹ̀jẹ́ náà bàjẹ́ nìyẹn, àti pé ọ̀sán ọ̀la kò jìnnà. Ó fọwọ́ kan ìborùn ọrùn rẹ̀. Ó lọ bu omi tútù wá, ó fún ọmọ rẹ̀ mu, ó fi páálí fẹ́ ẹ díẹ̀. Lẹ́yìn náà ó padà sídìí aáyù.

Wọ́n parí orin lọ́sàn-án Ẹtì. Wọ́n pín iṣu tí wọ́n fi omi àgbọn sè. Arlyn kò jẹ. Ó ní òun fẹ́ lọ fẹ̀yìn lélẹ̀, ó wọ yàrá ẹ̀yìn pẹ̀lú aṣọ pupa náà lọ́rùn.

Bí aago mẹ́ta bá ti lù lọ́jọ́ yẹn, Jésù ti kú, kò sì tíì jí. Àwọn àgbà kì í wẹ̀. Wọn kì í jẹ́ kí ọmọdé sáré, torí ojú ọgbẹ́ tí èèyàn bá dá lọ́jọ́ náà kì í jinná. Kò sí ọkọ̀ lójú pópó. Èèyàn ò gbọdọ̀ pariwo. Àmọ́ aago mẹ́ta náà ni ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n fi Iking sí.

"Jésù wà nínú ibojì, ẹ wá ń wo pẹ́pẹ́yẹ!" Aling Bebang ń pariwo lẹ́nu ọ̀nà ẹlòmíràn.

"Lola Bebang, ẹ wọlé wá jókòó, apá tó dùn gan-an ni!"

"Mi ò jókòó!" ló wí, ó sì dúró lẹ́nu ọ̀nà náà, ó ń wò.

Gbogbo ilé ló tan tẹlifíṣọ̀n. Gbogbo fèrèsé ló ṣí nítorí ooru. Aling Pacing tan tiẹ̀. Orin ìbẹ̀rẹ̀ wọlé, ọkọ̀ pákó yọ, Iking la ẹnu, ohùn rẹ̀ ìgbà èwe sì jáde láti gbogbo ilé òpópó náà lẹ́ẹ̀kan. Kò gbọ́ ọ rí bẹ́ẹ̀. Nígbà tó ń ṣiṣẹ́ náà, kì í sí nílé láti wò ó. Ó rántí òógùn yàrá yẹn. Ó rántí ọkọ rẹ̀ tó máa ń dúró dè é níta pẹ̀lú agboòrùn. Ó tún ohùn ẹ̀rọ náà gbé sókè díẹ̀, lẹ́yìn náà ó tún un gbé díẹ̀ sí i. Kò mọ iye ìgbà tí Arlyn ti pè é kó tó gbọ́.

"Nanay."

Ó dé yàrá ẹ̀yìn. Ẹní ti rin. Arlyn di ikùn mú, ikùn náà le bí pákó, ètè rẹ̀ ti funfun. Aling Pacing fọwọ́ kan aṣọ pupa náà, kò rí nǹkan kan lára rẹ̀. Ó wo ọwọ́ ara rẹ̀. Ẹ̀jẹ̀ ni.

Ó gbé fóònù, ó pe ilé ìlera. Ó ń dún. Ó ń dún. Kò sẹ́ni tó gbé e.

Ó sáré jáde.

"Ẹ gbà mí!" ló wí, ohùn tó jáde kò ju ti ìlẹ̀kùn tó dípẹtà lọ. Láti ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀sẹ̀ ni kò ti lò ó. Ariwo tẹlifíṣọ̀n bò ó mọ́lẹ̀. Ó tún un ké. Kò lọ síbì kankan. Ó wá fa èémí títí dé ìsàlẹ̀ ikùn bí wọ́n ṣe kọ́ ọ nínú yàrá tí kò ní fèrèsé, ó ké láti orí. Ohùn kan ṣoṣo tó ní tó lè dé òpin òpópó ló jáde. Ohùn Iking ni.

"Ẹ̀yin ará! Ẹ gbà mí! Ẹ jáde wá!"

Ní àkókò náà gan-an, nínú gbogbo tẹlifíṣọ̀n, omi ti ń wọ ọkọ̀ Iking. Nínú àwọn ilé tó jìnnà, wọ́n rò pé tẹlifíṣọ̀n ilé kejì ni wọ́n ń gbọ́. Nínú àwọn tó sún mọ́, wọ́n yọ orí lójú fèrèsé, wọ́n rí i nínú aṣọ pupa rẹ̀, tó na ọwọ́ méjèèjì sókè ní àárín òpópó.

"Ó ń ṣe é láàyè! Ẹ wá wò ó! Ẹ gbé fóònù wá!"

"Ẹ ti gbohùn pamọ́ fún wa látọjọ́ yìí, àṣé tòní lẹ ń dúró dè!"

"Ẹ gbà mí! Arlyn ń kú lọ!"

"Háà, ó ti fi Arlyn sí i!"

Ọmọge kan nà jáde láti òkè, fóònù lọ́wọ́. "Aling Pacing, ẹ tún un ṣe! Ẹ jọ̀ọ́, mi ò tíì tẹ̀ ẹ́!"

Nínú tẹlifíṣọ̀n, Iking dìde dúró sórí ọkọ̀ rẹ̀. "Ẹ̀yin ará, mo ṣì wà níbí!" Láti gbogbo fèrèsé, àgbà àti ọmọdé, àwọn tó ti rọ̀ mọ́ irin bí àdán nígbà kan àti àwọn ọmọ tí wọ́n bí, gbogbo wọn dáhùn pẹ̀lú ayọ̀:

"Dúró! À ń bọ̀!"

Kò sẹ́ni tó wá.

Ó kígbe títí nǹkan kan fi já nínú ọ̀fun rẹ̀. Ó mọ̀ pé ó já, ó gbóná, ó sì ní adùn irin. Ó ṣì ń la ẹnu, kò sí ohun tó ń jáde mọ́. Wọ́n pàtẹ́wọ́ fún un. Wọ́n padà sídìí tẹlifíṣọ̀n láti wo ìparí.

Ó fi ìkúùkù lu ilẹ̀kùn Tino. Ó lu ú, ó lu ú. Láti inú ilé, Tino ké, "Dúró, Iking! À ń bọ̀!", ó sì ń rẹ́rìn-ín. Nígbà tó ṣílẹ̀kùn, omijé wà lójú rẹ̀, ọmọ rẹ̀ kékeré wà ní èjìká rẹ̀.

"Aling Pacing, ẹ fẹ́ pa mí ni! Bàbá mi ni mo rí lónìí, mo ní—"

Aling Pacing na ọwọ́ méjèèjì sí i lójú. Tino wo ọwọ́ náà. Ó wo ẹnu tó ń là tó ń pa dé láìsí ohùn. Ó sọ ọmọ kalẹ̀.

Kò sẹ́ni tó tún rẹ́rìn-ín lẹ́yìn ìyẹn. Wọ́n gbé Arlyn sínú kẹ̀kẹ́, ọkùnrin mẹ́rin, Aling Bebang ń di orí rẹ̀ mú, ó ń gbàdúrà, ó sì ń bú gbogbo wọn láàárín àdúrà. Tino wa kẹ̀kẹ́ náà bí wèrè dé ojú títì ńlá. Ibẹ̀ ni wọ́n ti bá òkú Jésù pàdé, ère tí wọ́n máa ń gbé káàkiri lọ́jọ́ náà. Ère náà dùbúlẹ̀ nínú pósí díńgí, òdòdó yí i ká, èrò dúdú lọ súà níwájú àti lẹ́yìn pẹ̀lú àbẹ́là. Ẹnikẹ́ni kì í la ìtọ́wọ̀ọ́rìn yẹn kọjá. Tino fun fèrè. Wọ́n bojú wẹ̀yìn, wọ́n pòṣé.

"Ṣé o ò rí ẹni tó ń kọjá ni? Ọ̀wọ̀ dà?"

"Obìnrin ń kú nínú ibí!" ni Tino ké.

Àwọn tó wà nítòsí gbọ́, wọ́n yà. Àwọn tó wà níwájú kò gbọ́. Ohùn tó lè dé ọ̀dọ̀ wọn jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ Tino, ó la ẹnu, èémí nìkan ló ń jáde. Díẹ̀díẹ̀ ni wọ́n fi là á kọjá.

Ní ilé ìwòsàn ìjọba, dókítà ní ibi ọmọ ti já kúrò lára ilé ọmọ kí wọ́n tó gbé e dé. Ọmọ ti kú. Ẹ̀jẹ̀ kọ̀, kò dúró, wọ́n yọ ilé ọmọ náà kí ìyá má bàa bá a lọ. Ó ní bí wọ́n bá tètè dé díẹ̀ ni, ọ̀rọ̀ ì bá yàtọ̀. Kò sọ ọ́ láti fi dá ẹnikẹ́ni lẹ́bi. Wọ́n bi í ni.

Lọ́jọ́ Ajé, ọkọ̀ ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n wá gbé Aling Pacing. Ó wọ̀ ọ́, torí ilé ìwòsàn ti ń béèrè owó oògùn àti owó ẹ̀jẹ̀ tí wọ́n fà sí Arlyn lára. Ó dúró níwájú ẹ̀rọ, ó la ẹnu. Ọkùnrin náà fún un ní omi gbígbóná. Ó dúró dè é, ó ṣe sùúrù gan-an. Nígbà tó yá, ó ní kí wọ́n pe ọmọbìnrin yẹn wọlé. Ọmọbìnrin náà ké e. Kò jọ Iking, àmọ́ kò burú.

Fídíò tí wọ́n yà lójú fèrèsé ti lọ káàkiri kí ẹnikẹ́ni ní òpópó tó ronú pé kí wọ́n mú un kúrò. Àwọn tí kò mọ ohun tí wọ́n ń wò kọ ọ́ sábẹ́ rẹ̀ pé ohùn náà kò tíì yí padà, pé àwọn sunkún, pé ó dá ìgbà èwe àwọn padà. Tino lọ láti ilé dé ilé, ó ń bẹ̀ wọ́n kí wọ́n pa á rẹ́. Wọ́n pa á rẹ́. Àwọn tó wà níbòmíràn kò pa á.

Arlyn padà sílé. Ó dùbúlẹ̀ sí yàrá ẹ̀yìn, lórí ẹní tuntun. Ìyá rẹ̀ gbé omi ẹja wọlé, ó jókòó tì í. Ohùn rẹ̀ kò padà. Títí di òní, kò ju wúyẹ́wúyẹ́ lọ, ẹni tó bá fẹ́ gbọ́ gbọ́dọ̀ gbé etí sún mọ́ ọn. Arlyn kò gbé etí sún mọ́ ọn.

"Nanay," ló wí, ó kọjú sí ògiri. "Ní Ọjọ́bọ̀, ṣé ẹ rí ẹsẹ̀ mi?"

Ó yíjú padà. Ìyá rẹ̀ mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni.

"Ẹ rí i."

Ó tún mi orí.

"Ẹ ò wá sọ nǹkan kan."

Aling Pacing gbé abọ́ náà sílẹ̀, ó fọwọ́ kan ọ̀fun rẹ̀ bó ṣe máa ń fọwọ́ kàn án fún àwọn tó mú búrẹ́dì wá. Arlyn wo ọwọ́ náà títí. Lẹ́yìn náà ó tún kọjú sí ògiri.

Nestor dé nígbà tí òjò bẹ̀rẹ̀, ó mú ìyàwó rẹ̀ lọ sọ́dọ̀ àwọn èèyàn tirẹ̀ ní Quezon, lẹ́yìn òkè. Arlyn kò pe ìyá rẹ̀ lórí fóònù, kí ni ìyá náà ì bá sì fi dá a lóhùn? Ní Ọ̀sẹ̀ Mímọ́ tó tẹ̀ lé e, àga ike kan ṣófo lábẹ́ àtíbàbà Aling Bebang.

Ọmọbìnrin ni ọmọ tó kú náà. Pacita ni wọ́n ti fẹ́ sọ ọ́. Arlyn kò lè bí òmíràn mọ́.